Yàrà kì í ṣe yàrá

Òṣogbo

Àjàní ọmọ mi,

Ọ̀sẹ̀ mẹ́ta rèé tí fóònù rẹ ò lọ. Ẹ̀gbọ́n rẹ ló pàdé mi ní Òkè-Fìà tó ní o ti fi yàrá ìwádìí jínóòmù, ìyẹn gbogbo DNA tó gbé àbùdá ẹ̀dá, sílẹ̀, yàrà lo ń gbẹ́ ní California, pé ẹ̀ ń wá ipa ìmìtìtì ilẹ̀ àtijọ́. Òótọ́ ni? Ìyá rẹ ti ta ewúrẹ́ dúdú yẹn.

Ṣé wọ́n fi pákó há yàrà náà? Tó bá ti jìn ju mítà kan àbọ̀ lọ, pákó àti jáàkì ni kó há a lápá méjèèjì kí ẹnikẹ́ni tó wọ̀ ọ́. Kí iyẹ̀pẹ̀ tí ẹ kó jáde jìnnà sí etí rẹ̀. Bí òjò bá rọ̀, ẹ yẹ̀ ẹ́ wò kí ẹ tó padà wọ̀ ọ́.

Nídìí jínóòmù, ẹ máa ń ka DNA kan náà bí ìgbà 30, kí àṣìṣe ẹ̀rọ lè hàn. Tó bá bàjẹ́, ẹ gba ẹ̀jẹ̀ mìíràn. Ṣùgbọ́n nínú yàrà, ibi tí katakata bá ti gé lára ilẹ̀ tó sán, ó lọ nìyẹn. Nítorí náà ha ògiri náà mọ́, na okùn sí i ní mítà kan-kan, kan ìṣó sí ààlà ìpele ilẹ̀ kọ̀ọ̀kan, ya fọ́tò rẹ̀ kí o tó yà á sórí ìwé. Ìpele tó bo ojú sísán náà láìsán ṣẹ̀yìn ìmìtìtì. Èyí tó sán ló ṣáájú rẹ̀. Mú èédú nínú méjèèjì láti fi mọ ọjọ́ orí wọn, kó o sì mú púpọ̀, torí èédú máa ń purọ́: igi tó ti kú tipẹ́ ni odò lè wọ́ wá síbẹ̀. Èyí tó kéré jù lọ́jọ́ orí ló sábà máa ń sún mọ́ òótọ́.

Kò wọ́pọ̀ kí ọjọ́ ìmìtìtì àtijọ́ jáde gẹ́lẹ́. Ti Cascadia, létí òkun ìwọ̀-oòrùn Àríwá Amẹ́ríkà, 26 Oṣù Kìíní 1700, àkọsílẹ̀ omi òkun tó ya wọ ìlú ní Jàpáànù ló fi ọjọ́ hàn. Òrùka inú igi kédárì tó kú sì jẹ́rìí sí i.

Èmi ni mo tì ọ́ sídìí jínóòmù. Ẹdẹ ò jìnnà sílé, amúlétutù sì wà níbẹ̀. Mi ò bi ọ́ bóyá o fẹ́ ẹ. Mo jẹ̀bi. Ṣùgbọ́n kó o wá dákẹ́ mọ́ mi lórí, olóríkunkun!

Máa dé akoto. Ya pákó yàrà náà ní fọ́tò, fi ránṣẹ́. Mi ò bèèrè ojú rẹ.

Ó dáa, fi ojú rẹ náà sí i.

Bàbá rẹ