Lẹ́tà sí James Printer, atẹ̀wé

Bàbá Wowaus,

Ẹ kú iṣẹ́ o. Ọmọ Nipmuc lẹ jẹ́, ọ̀kan nínú àwọn ẹ̀yà ìbílẹ̀ Amẹ́ríkà. James Printer làwọn Gẹ̀ẹ́sì sọ yín, ṣùgbọ́n orúkọ ilé yín ni mo fẹ́ fi kí yín.

Ìwé Mary Rowlandson, obìnrin Gẹ̀ẹ́sì tó kọ ìtàn ìgbèkùn rẹ̀, ló gbé mi dé ọ̀dọ̀ yín. Nígbà ogun Metacom, tí àwọn ọmọ ìbílẹ̀ bá àwọn Gẹ̀ẹ́sì jà, ní oṣù kejì ọdún 1676, àwọn jagunjagun ìbílẹ̀ mú obìnrin náà ní Lancaster, ní Massachusetts. Ọmọ rẹ̀ tó jẹ́ ọmọ ọdún 6 kú mọ́ ọn lọ́wọ́ nínú igbó. Ó lé ní ọ̀sẹ̀ 11 kí wọ́n tó fi 20 pọ́n-ùn rà á padà. Ojú rẹ̀ rí nǹkan, n kò jiyàn. Àwọn onímọ̀ ìtàn sọ pé ọwọ́ yín wà nínú àwọn lẹ́tà tí wọ́n fi dúnàá-dúrà owó náà.

Ti ọdún 1682 ló ń jẹ mí lọ́kàn. Ilé ìtẹ̀wé Samuel Green ní Cambridge, níbi tí ẹ ti bẹ̀rẹ̀ sí í kọ́ṣẹ́ ní 1659, ni wọ́n ti tẹ ẹ̀dà kejì ìwé Rowlandson, ẹ sì wà lára àwọn tó to lẹ́tà òjé rẹ̀. Ibẹ̀ ló ti ní ọ̀kan nínú àwọn Kristẹni ìbílẹ̀ so ìka àwọn Kristẹni mọ́ ọrùn bí ìlẹ̀kẹ̀. Bàbá, kí lẹ ṣe nígbà tí ẹ débẹ̀? Èmi tí mò ń kà á lè fojú fò ó. Ẹni tó ń to lẹ́tà kò lè fò ó. Ọ̀kọ̀ọ̀kan ló ń mú un, lódìlódì.

Bẹ́ẹ̀ ẹ̀yin náà mọ ìgbèkùn. Ní oṣù kẹjọ 1675, Moseley ọ̀gágun fi okùn so ẹ̀yin àti àwọn Kristẹni ìbílẹ̀ mìíràn lọ́rùn, ó wọ́ yín lọ sí Boston. Ilé ẹjọ́ dá yín láre. Ta ló sáré tẹ ìyẹn ní ìwé? Àjàyí Crowther tiwa, tí wọ́n kó lẹ́rú ní Òṣoògùn ní 1821, ráyè kọ ti ara rẹ̀ sílẹ̀ ní 1837. Ẹ̀yin tí ẹ bá wọn tẹ odindi Bíbélì ní èdè Massachusett ní 1663, ìtàn àwọn ẹlòmíràn lẹ ń tẹ̀.

Lisa Brooks, onímọ̀ ìtàn tó jẹ́ ọmọ Abenaki, ti gbé ìwé jáde ní 2018. Ẹ̀yin àti Weetamoo, obìnrin olórí ìlú tí Rowlandson fi ṣe ẹlẹ́yà, ló fi sí àárín ogun náà. Ó tú ìwé ilẹ̀, ó tú lẹ́tà, ó sì fẹsẹ̀ ara rẹ̀ rin ilẹ̀ yín. Ó pẹ́ kí ẹnì kan tó ṣe é.

Mo tún rí ìwé Sáàmù ti 1709. Orúkọ B. Green wà níwájú, J. Printer tẹ̀ lé e: àádọ́ta ọdún lẹ́yìn tí ẹ wọ ilé ìtẹ̀wé.