Lẹ́tà sí Àbẹ̀kẹ́ tó ń lọ fún tí-pí (ìdánrawò iṣẹ́ tíṣà nínú kíláàsì)

Ọmọ mi Àbẹ̀kẹ́,

A dúpẹ́, àlàáfíà ni gbogbo wa wà ní Ifẹ̀. Mo gbọ́ pé kíláàsì kẹrin ni wọ́n fún ọ ní Iléṣà, àti pé alábòójútó tó máa wá jókòó sẹ́yìn pẹ̀lú bírò lọ́wọ́ ló ń dẹ́rù bà ọ́ ju àwọn ọmọ lọ. Jẹ́ kí n kọ́kọ́ sọ̀rọ̀ Fanny Jackson Coppin, tíṣà aláwọ̀ dúdú kan láyé àtijọ́, fún ọ.

Inú oko ẹrú ni wọ́n bí i sí ní Washington, Amẹ́ríkà, ní 1837. Àǹtí rẹ̀, Sarah, ló fi dọ́là 125 rà á sílẹ̀. Dọ́là 6 ni owó oṣù àǹtí yìí. Bí kò bá tilẹ̀ ná kọ́bọ̀, ó ń lọ sí oṣù 21 kí owó náà tó pé. Nígbà tí Fanny dàgbà, ó ṣe ọmọ ọ̀dọ̀ ní Newport, ó sì ń yọ nínú owó iṣẹ́ rẹ̀ san fún tíṣà tó ń wá kọ́ ọ. Ó lọ sí ilé ẹ̀kọ́ àwọn olùkọ́ ní Rhode Island, kó tó wọ Kọ́lẹ́ẹ̀jì Oberlin ní 1860.

Ibi tó kàn ọ́ rèé. Àwọn akẹ́kọ̀ọ́ àgbà 40 ni Oberlin máa ń yàn láti kọ́ àwọn tó ń múra àtiwọ kọ́lẹ́ẹ̀jì. Wọ́n yan Fanny, àmọ́ wọ́n ti kìlọ̀ fún un pé bí àwọn ọmọ bá fàáké kọ́rí pé àwọn ò gba aláwọ̀ dúdú ní tíṣà, aláṣẹ ò ní fipá mú wọn. Kíláàsì náà kún títí wọ́n fi ní láti pín in sí méjì. Òun náà ni wọ́n fún ní méjèèjì.

Ní 1865 ó dé Institute for Colored Youth, ilé ẹ̀kọ́ àwọn ọ̀dọ́ aláwọ̀ dúdú ní Philadelphia. Ní 1869, nígbà tí wọ́n fi ọ̀gá ibẹ̀, Ebenezer Bassett, ṣe aṣojú Amẹ́ríkà ní Haiti, Fanny di ọ̀gá àgbà títí di 1902. Ìṣòro tó bá níbẹ̀ ni pé àwọn ìlú ń wá tíṣà lójú méjèèjì, àwọn akẹ́kọ̀ọ́ sì ń sá lọ gba iṣẹ́ láì tíì kẹ́kọ̀ọ́ tán. Ló bá dá ẹ̀kọ́ iṣẹ́ olùkọ́ sílẹ̀, ó mú kíláàsì àwọn ọmọ kéékèèké gbòòrò, kí àwọn tó ń kọ́ṣẹ́ lè máa kọ́ ọmọ níbẹ̀ lójoojúmọ́, kí ẹnì kan sì máa wò wọ́n, kó máa tún un ṣe fún wọn. Alábòójútó tí ò ń sá fún yẹn, òun ni Fanny kà sí ọkàn iṣẹ́ náà. Bí alábòójútó tìrẹ bá kọ nǹkan sílẹ̀ nípa rẹ, béèrè rẹ̀ lọ́jọ́ náà gan-an kó tó wọ mọ́tò.

Fanny fòpin sí nína ọmọ ní ilé ẹ̀kọ́ rẹ̀. Ó tún ní tíṣà ò gbọ́dọ̀ pe ọmọ ní òpè, kò sì gbọ́dọ̀ sọ̀rọ̀ àbùkù sí òbí tó kọ́ ọmọ náà nílé. Nítorí náà, n ò fẹ́ gbọ́ “olódo” lẹ́nu rẹ. Pankẹ́rẹ́ tó wà lórí tábìlì níbẹ̀, fi í sílẹ̀ fún ẹni tó ni ín.

Lẹ́sìn nóòtù rẹ, ìwé ètò ẹ̀kọ́ rẹ, ńkọ́? Èyí tí o fi ránṣẹ́ lórí ìdá (fraction) gùn jù. Èròńgbà ẹ̀kọ́ márùn-ún kò lè wọ inú 40 mínítì, mú méjì. Ìmọ̀ àtẹ̀yìnwá, ìyẹn ìbéèrè lórí ohun tí wọ́n ti mọ̀ tẹ́lẹ̀, kò gbọ́dọ̀ ju mínítì márùn-ún lọ. Fi mínítì mẹ́wàá sílẹ̀ ní ìparí fún ìgbéléwọ̀n, torí ibẹ̀ ni aago ti sábà máa ń lù mọ́ àwọn tó ń sọ̀rọ̀ jù. Àṣìṣe tí o máa bá pàdé ni pé àwọn ọmọ á ní 1/4 ju 1/2 lọ, nítorí wọ́n mọ̀ pé 4 ju 2 lọ. Má bá wọn jiyàn. Ya ewé ìwé méjì fún ọmọ kọ̀ọ̀kan láti inú ìwé àtijọ́. Kí wọ́n ká ọ̀kan lẹ́ẹ̀kan, kí wọ́n ká èkejì lẹ́ẹ̀mejì, kí wọ́n ya ẹyọ kan nínú ọ̀kọ̀ọ̀kan, kí wọ́n gbé wọn lé ara wọn. Àmọ́ ewé méjèèjì gbọ́dọ̀ dọ́gba. Bí ọ̀kan bá fẹ̀ ju ìkejì, ìwọ fúnra rẹ lo máa kọ́ wọn ní irọ́. Pe ọmọ kọ̀ọ̀kan lórúkọ kó dáhùn. Ariwo “Yẹ́ẹ̀s, màá” kì í ṣe ẹ̀rí pé ó yé wọn.

Bí ó bá rú wọn lójú, fi Yorùbá ṣàlàyé. Nínú ìlànà àtijọ́, kíláàsì kẹrin ni Gẹ̀ẹ́sì máa ń gba ipò Yorùbá lójijì. Ní St. Stephen's “A” ní Mọ̀dákẹ́kẹ́ níbí, láti 1970, Yunifásítì Ifẹ̀ fi Yorùbá kọ́ àwọn ọmọ fún ọdún mẹ́fà. Wọn ò gbẹ́yìn àwọn tó bọ́ sí Gẹ̀ẹ́sì ní kíláàsì kẹrin, kódà nínú èdè Gẹ̀ẹ́sì fúnra rẹ̀.

Fanny kú ní 1913, lẹ́yìn tó ti bá ọkọ rẹ̀ ṣiṣẹ́ ìjọ ní Cape Town. Orúkọ rẹ̀ ni yunifásítì kan ní Baltimore ń jẹ́ dòní, ilé ẹ̀kọ́ olùkọ́ ni tẹ́lẹ̀.

Tún nóòtù ìdá yẹn kọ, kí o fi í ránṣẹ́ lórí WhatsApp kó tó di alẹ́ ọjọ́ Sátidé. Ra ṣọ́ọ̀kì tìrẹ dání.

Èmi ni,
Ìyá rẹ.