Lẹ́tà sí Fọlákẹ́: Àwọn Ọmọ Jámánì tí Áyálándì Gbà Tọ́

Dublin

Fọlákẹ́ ọ̀rẹ́ mi,

O kú ọjọ́ mẹ́ta. Ara Màmá ńkọ́?

Nínú ọgbà St Stephen's Green níbí, àwọn obìnrin mẹ́ta tí wọ́n fi idẹ ṣe wà níbi omi kan. Jámánì ló fi ta Áyálándì lọ́rẹ ní 1956, láti fi dúpẹ́ oore tí wọ́n rí gbà lẹ́yìn Ogun Àgbáyé Kejì.

Lára oore náà ni ti àwọn ọmọdé. Ilé ti wó, ebi ń pa wọ́n ní Jámánì. Dókítà Kathleen Murphy àtàwọn míì dá ẹgbẹ́ sílẹ̀ ní Dublin ní 1945 láti kó wọn wá; Red Cross Áyálándì ló wá gbé iṣẹ́ náà ṣe. Láti July 1946 ni ọkọ̀ ojú omi ti ń kó wọn dé. Wọ́n á kọ́kọ́ gbé wọn lọ sí Glencree, bárékè àtijọ́ kan láàárín òkè Wicklow, kí àwọn sísítà ìjọ Kátólíìkì tọ́jú wọn títí ara wọn á fi mókun, kí wọ́n tó pín wọn sílé onílé. Àwọn ọmọ Jámánì lé ní 400.

Nǹkan bí ọdún mẹ́ta lẹ́yìn náà, ọ̀pọ̀ wọn padà sílé. Ibẹ̀ ló ká mi lára jù. Ọmọ kékeré tó ti ń pe ìyàwó àgbẹ̀ ní màmá, tí èdè Jámánì ti kúrò lẹ́nu ẹ̀, wọ́n ní kó máa lọ bá ìyá tó bí i. Ìyá ń sọ̀rọ̀, ọmọ ò gbọ́. Nǹkan bí 50 ló dúró síbí pátápátá.

Fọlákẹ́, ìwọ ni ọkàn mi lọ bá. Nígbà tí àwọn òbí wa ń kàwé ní London, tí wọ́n ń gbé ọmọ fún òyìnbó tọ́ ní Kent, gbogbo ayé ló bi Màmá ìdí tí wọ́n fi gbé ẹ sílẹ̀. Ta ló bi ìwọ bó ṣe rí lára ẹ nígbà tí wọ́n mú ẹ dé Ìbàdàn, tó jẹ́ abẹ́ bẹ́ẹ̀dì lò ń sá sí tí Màmá bá pè ẹ́ ní Yorùbá? Mi ò bá ẹnikẹ́ni wí o. Ebi ì bá pa àwọn ọmọ Jámánì yẹn, ó sì nídìí tí Màmá fi ṣe tiwọn. Àmọ́ ọmọ tó ti fẹ́ràn ilé kan, kò yẹ kí wọ́n fà á yọ níbẹ̀ bí ẹni fa iṣu.

Púpọ̀ nínú àwọn ọmọ náà ò jẹ́ kí okùn já: wọ́n ń kọ̀wé, wọ́n dàgbà tán, wọ́n ń padà wá kí ilé tó gbà wọ́n. Ṣé àdírẹ́sì Kent yẹn ṣì wà lọ́wọ́ ẹ? Bó bá wù ẹ́ ká wá àwọn ọmọ ilé náà, fi ránṣẹ́, màá bá ẹ lọ.

Bá mi kí Màmá.

Èmi ni,
Adétóún