Lẹ́tà sí Àkànní, àbúrò mi tó ń tẹ́ bẹ́ẹ̀dì àlejò

Àkànní, ọmọ ìyá mi,

O kú iṣẹ́ o, o kú làálàá. Ìyá wa ti sọ ohun tó ṣẹlẹ̀ lọ́jọ́ Àìkú fún mi. Wọ́n ní inú bí ọ débi tí o fi gbé oúnjẹ sílẹ̀. Mánéjà yín kó gbogbo òṣìṣẹ́ jọ, ó ní ẹ̀kọ́ ọlọ́sẹ̀ mẹ́fà kan ń bọ̀, pé ẹni tí kò bá lọ kò ní rí àyè nígbà tí wọ́n bá tún hòtẹ́ẹ̀lì ṣe tán. Ìwọ sì ní ọdún mẹ́sàn-án rèé tí o ti ń tẹ́ bẹ́ẹ̀dì àlejò, kí ni wọ́n tún fẹ́ kọ́ ọ.

Mi ò pè ọ́ lórí fóònù nítorí mo mọ àwa méjèèjì. Ohùn rẹ á ga, tèmi náà á ga, ọ̀rọ̀ á sì bọ́ sọnù láàárín. Ìdí nìyẹn tí mo fi kọ ọ́ sílẹ̀. Mo sì kọ ọ́ sí gbangba nítorí àwọn tí ọ̀rọ̀ yìí bá wí pọ̀ ní Òṣogbo níbí, ká má tíì dé Abẹ́òkúta, Ìdànrè tàbí Àgbádárìgì. Àwọn tó ń gbé àpótí àlejò, àwọn tó ń dáná, àwọn tó ń wa ọkọ̀, àwọn tó ń mú èèyàn gun òkè. Ọ̀pọ̀ wọn ni wọ́n ti sọ irú ọ̀rọ̀ yẹn fún, tí ó sì dùn wọ́n bó ṣe dùn ọ́.

Ṣé o rántí oṣù kẹta ọdún 2020? Ọdún mọ́kànlá ni mo ti lò nídìí tábìlì tí wọ́n ti ń gba àlejò ní hòtẹ́ẹ̀lì tí mo wà nígbà náà. Mo mọ ẹni tí kì í fẹ́ yàrá tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ jẹnẹrétọ̀. Mo mọ ẹni tí kì í fi ṣúgà sí tíì. Tí ìwé àkọsílẹ̀ bá sọnù, orí mi ni wọ́n ti ń kà á. Kòrónà dé, ìjọba ti pápákọ̀ òfurufú. Kárí ayé, ìrìnàjò àwọn àlejò láti orílẹ̀-èdè kan sí òmíràn, tó tó nǹkan bíi bílíọ̀nù 1.5 lọ́dún 2019, fi ohun tó lé ní ìdá 70 nínú 100 já wálẹ̀ láàárín ọdún kan péré. Lọ́dọ̀ tiwa, oṣù kẹjọ pé, ọdún Ọ̀ṣun dé, àlejò Bràsíìlì tàbí ti Amẹ́ríkà kò rí ọkọ̀ òfurufú wọ̀ wá. Wọ́n pe àwa mẹ́fà, wọ́n fún wa ní owó ìdajì oṣù, wọ́n ní ká lọ sinmi nílé, àwọn yóò ránṣẹ́ pè wá. Ìránṣẹ́ náà kò dé títí dòní.

Ohun tó pa mí lẹ́kún lálẹ́ ọjọ́ náà ju owó lọ. Ohun tó pa mí lẹ́kún ni pé gbogbo ohun tí mo mọ̀, inú ilé yẹn ló wà. Mo mọ kọ́kọ́rọ́ wọn, mo mọ ìwé wọn, mo mọ oníbàárà wọn. Bí mo ṣe jáde ní géètì báyìí, kò sí ọ̀kan tí mo lè gbé tẹ̀ lé ara mi. Ọdún mọ́kànlá, ọwọ́ òfìfo. Ọ̀rọ̀ ọjọ́ yẹn ló ń bá mi lẹ́rù fún ọ, Àkànní. Bí wọ́n bá ti ilé yẹn pa lọ́la, kí ni yóò tẹ̀ lé ọ jáde?

Nígbà tí ọ̀nà òfurufú ṣí padà, tí nǹkan rọlẹ̀ díẹ̀, ẹnì kan tó ti máa ń wọ̀ sí hòtẹ́ẹ̀lì wa tẹ́lẹ̀ kọ̀wé sí mi lórí WhatsApp. Obìnrin mẹ́ta ń bọ̀ láti ìlú Salvador ní Bràsíìlì, ṣé mo lè mú wọn kiri Òṣogbo? Mo ní kí ló lè le níbẹ̀. Òṣogbo tí wọ́n bí mi sí? Mo mú wọn wọ igbó Ọ̀ṣun. Wọ́n béèrè pé ta ló mọ ère yìí, mo ní Àdùnní Olóriṣà ni, òyìnbó ará Austria tó ń jẹ́ Susanne Wenger. Tọ̀hún ńkọ́? Àdùnní. Ògiri tó ní àwòrán lára yìí ńkọ́? Àdùnní náà ni. Ọ̀kan nínú wọn ṣí ìwé kékeré ọwọ́ rẹ̀, ó sì rọra bi mí pé: "Adébísí Àkànjí ńkọ́?" Mi ò lè dáhùn. Mo gbọ́ orúkọ ọmọ ìlú mi lẹ́nu àlejò, mi ò mọ ohun tó ṣe. Ojú tì mí débi pé mi ò gba ẹ̀kúnrẹ́rẹ́ owó tí a jọ ṣàdéhùn.

Láti ọjọ́ yẹn ni mo ti bẹ̀rẹ̀ sí kọ́ iṣẹ́. Ohun tí mo kọ́kọ́ kọ́ náà ni mo fẹ́ kí o gbọ́. Bíríkìlà ni Adébísí Àkànjí. Bùráímọ̀ Gbàdàmọ́sí, tó gbẹ́ àwọn ère òkúta olójú ńláńlá, káfíńtà ni. Kàsálí Àkàngbé wá láti ìdílé àwọn agbẹ́gilére. Nígbà tí ojúbọ Ọ̀ṣun ń wó lọ, tí àwọn kan ń gé igi igbó náà tà, àwọn oníṣẹ́ ọwọ́ bẹ́ẹ̀ ni wọ́n kó ara wọn jọ pẹ̀lú Àdùnní láti tún un ṣe. Sìmẹ́ǹtì tí Àkànjí fi ń rẹ́ ògiri ilé náà ló fi mọ ẹranko àti èèyàn. Kò ju iṣẹ́ bíríkìlà nù. Ó gbé e lọ síbi tí ẹnikẹ́ni kò rò pé ó lè dé. Lọ́dún 2005, UNESCO, àjọ àgbáyé tó ń rí sí ẹ̀kọ́ àti àṣà, kọ igbó náà, hẹ́kítà 75, sínú ìwé ohun ìní gbogbo ayé. Bí mo bá dúró níwájú iṣẹ́ wọn nísinsìnyí, tí mo ń dá orúkọ wọn lọ́kọ̀ọ̀kan, ohùn mi máa ń yí padà. Àwọn àlejò máa ń gbọ́ ọ.

Odò ni àwọn obìnrin Bràsíìlì yẹn ti kọ́ mi ní èkejì. Wọ́n dé etí omi, wọ́n kúnlẹ̀, wọ́n sì ké pé "Ora iê iê ô!" Ara mi bù máṣọ. Oore Yèyé o! Ohun tí àwọn ìyá olórìṣà wa ń ké ní Òṣogbo ni wọ́n ń ké láti òkè òkun, ó ti tó ọgọ́rùn-ún ọdún mélòó kan. Lọ́sàn-án, mo ra àkàrà fún wọn, wọ́n pè é ní acarajé. Wọ́n rí ọ̀lẹ̀lẹ̀ nínú ewé, wọ́n ní abará ni. Ní alẹ́ ọjọ́ náà, mo pinnu pé màá gbọ́ èdè Potogí. Orí fóònù ni mo ti kọ́ ọ, ààbọ̀ wákàtí lálaalẹ́ lẹ́yìn tí àwọn ọmọ bá sùn, fún ohun tó lé ní ọdún kan. Mi ò tíì lè fi í ṣe àlàyé òfin, ṣùgbọ́n mo lè fi í sọ ìtàn ìkòkò aró.

O mọ ìtàn náà. Láròóyè àti Tìmẹ́hìn, àwọn tó tẹ Òṣogbo dó, ń wá ibi omi, wọ́n dé ibẹ̀, wọ́n gé igi, igi wó sínú odò, ohùn kan sì ké láti inú omi pé: "Oṣó igbó, gbogbo ìkòkò aró mi ni ẹ ti fọ́ tán!" Àlejò tó bá gbọ́ ìyẹn yóò béèrè pé kí ni aró. Bó bá ti béèrè, mo ti mú un lọ sọ́dọ̀ àwọn aláàdìrẹ nìyẹn. Yóò rí ìkòkò, yóò ti ọwọ́ bọ̀ ọ́, yóò ra aṣọ lọ́wọ́ ẹni tó rẹ ẹ́. Tẹ́lẹ̀, àwọn àlejò máa ń wo igbó fún wákàtí méjì, wọn á sì wọ ọkọ̀ padà sí Èkó lọ́jọ́ kan náà. Àwọn tí mo ń mú kiri báyìí ń sun ọjọ́ mẹ́ta. Ibi tí wọ́n ń sùn sí, Àkànní, bẹ́ẹ̀dì tí ìwọ ń tẹ́ ni.

Ẹ̀kọ́ kan tún wà tí màá fẹ́ kí o gbà bí o bá kọ gbogbo ìyókù. Nígbà tí mo ṣì wà ní hòtẹ́ẹ̀lì, bàbá àgbà kan ṣubú nídìí oúnjẹ àárọ̀. Àwa òṣìṣẹ́ mẹ́jọ la dúró yí i ká. Ẹnì kan ń da omi sí i lójú, ẹnì kan ń gbàdúrà, èmi gbé fóònù dání, mi ò mọ ẹni tí mo fẹ́ pè. Nọ́ọ̀sì kan tó jẹ́ àlejò bíi tirẹ̀ ló sáré wá, tó ń tẹ àyà bàbá náà léraléra títí èémí fi padà. Lẹ́yìn náà ni mo lọ kọ́ ọ, ọjọ́ méjì péré, a fi ọmọláńgidi ṣe é. Ọjọ́ méjì! Gbogbo ọdún tí mo fi ń kí àlejò káàbọ̀, mi ò mọ bí a ṣe ń dá ẹ̀mí wọn dúró.

Mi ò ní parọ́ fún ọ pé gbogbo ìdánilẹ́kọ̀ọ́ ló dáa. Mo lọ sí ọlọ́jọ́ mẹ́ta kan tí ọ̀rọ̀ ìkíni àwọn èèyàn ńlá jẹ ọjọ́ àkọ́kọ́. Ọjọ́ kejì, olùkọ́ ń ka bí a ṣe ń bu wáìnì fún ẹni tó jókòó láti inú ìwé. Ọjọ́ kẹta, a jẹ ìrẹsì, a ya fọ́tò, a gba satífíkéètì. Kò sẹ́ni tó bi ìyá tó ń gbálẹ̀ pé kí ni ó máa ń rí. Inú mi ṣì ń bàjẹ́ bí mo bá rántí, nítorí àwọn kan fi owó iṣẹ́ ọjọ́ mẹ́ta jókòó síbẹ̀.

Bẹ́ẹ̀ ni àwọn ohun tó le jù nínú iṣẹ́ yìí, kò sí nínú ìwé tí wọ́n fi kọ́ mi. O mọ bí omi Ọ̀ṣun ṣe pọ́n láti ìgbà tí àwọn awakùsà ti ń wa góòlù lápá Ìjẹ̀ṣà. Lọ́dún 2022, ìjọba ìpínlẹ̀ kìlọ̀ pé kí ẹnikẹ́ni má mu ún. Àlejò ti wọ ọkọ̀ òfurufú wá láti ilẹ̀ jíjìn, ó mú ìgò dání, ó fẹ́ mu omi ìyá rẹ̀. Báwo lo ṣe fẹ́ sọ fún un? Àwọn ìyá olórìṣà ló kọ́ mi. Wọ́n ní kí n jẹ́ kó kọ́kọ́ kí odò tán, kó fi omi kan orí, kó bu tirẹ̀ sínú ìgò, kí n tó jókòó tì í, kí n sọ òótọ́ fún un láìyí i po. Ẹni tó bá fẹ́ dá àwa òṣìṣẹ́ afẹ́ lẹ́kọ̀ọ́ ní Òṣogbo gbọ́dọ̀ pe irú àwọn ìyá bẹ́ẹ̀ wá sí kíláàsì, kí ó sì san owó olùkọ́ fún wọn.

Torí náà, ìbínú rẹ ní ìdí. Má gbé e jù sílẹ̀, lò ó láti fi béèrè ọ̀rọ̀. Bi mánéjà pé ta ló ń sanwó ẹ̀kọ́ náà, ṣé wọn kò ní yọ ọ́ nínú owó oṣù rẹ. Bi í pé orúkọ ta ni yóò wà lórí ìwé ẹ̀rí, ṣé hòtẹ́ẹ̀lì mìíràn yóò gbà á tàbí ògiri tiyín nìkan ni wọ́n fẹ́ fi kọ́. NIHOTOUR wà, ilé-ẹ̀kọ́ ìjọba àpapọ̀ fún iṣẹ́ wa yìí gan-an. Béèrè bóyá ẹ̀kọ́ náà bá tiwọn mu. Bí wọ́n bá ní kí o fọwọ́ sí i pé o kò ní kúrò lọ́dọ̀ wọn fún ọdún báyìí-báyìí, má fọwọ́ sí i kí a tó jọ kà á. Kí o sì béèrè kí ni yóò yí padà nínú owó rẹ bí o bá parí.

Bí o bá wá wọ kíláàsì, má jókòó sẹ́yìn. Ẹni ọdún 42 ni mo jẹ́ nígbà tí mo padà di akẹ́kọ̀ọ́, mo jókòó láàárín àwọn ọmọ ọdún 22 tí ọwọ́ wọn ń sáré lórí kọ̀ǹpútà. Ẹ̀rù bà mí pé wọn á ní kí n kàwé sókè. Mi ò mọ̀ bóyá irú ẹ̀rù bẹ́ẹ̀ wà nínú ìbínú rẹ. Bó bá wà níbẹ̀, kò sí ìtìjú kankan, máa bọ̀ lálẹ́, a ó jọ máa kà á. Ṣùgbọ́n mọ èyí: o lè wo tọ́wẹ́ẹ̀lì àlejò kí o mọ̀ pé ara rẹ̀ kò yá. O mọ omi tó ń jò kí ó tó hàn lára ògiri. Sọ ọ́ fún wọn níbẹ̀, kí àwọn náà kọ ọ́ sílẹ̀.

Ohun kan sì wà tí kò sẹ́ni tó mọ̀ ọ́n tó ọ nínú ilé wa. Èmi ń sá fún èéfín nígbà yẹn, ìwọ lo jókòó ti Ìyá Àgbà. Ìwọ lo bá wọn gún ewé elú, tí ẹ jọ mú un róbótó róbótó, tí ẹ sá a sóòrùn. Ìwọ lo mọ bí omi eérú ṣe ń kán láti inú ìkòkò òkè sí tìsàlẹ̀, o sì lè fi imú lásán mọ̀ pé aró ti jí. Ọdún mẹ́sàn-án lo fi ń pè é ní eré ọmọdé. Bí ọwọ́ rẹ bá ti gbàgbé díẹ̀, ibùdó Màmá Níkẹ̀ẹ́, gbajúgbajà aláàdìrẹ tó ń jẹ́ Nike Davies-Okundaye, ṣì wà ní Òṣogbo níbí, àwọn tó ti ń kọ́ èèyàn ní àdìrẹ láìgba owó láti ọjọ́ pípẹ́.

Ní oṣù kẹjọ, èèyàn mẹ́fà ń bọ̀ láti Salvador. Mo ti fi ọjọ́ kejì wọn sílẹ̀ fún aró, orúkọ rẹ ni mo sì kọ síbẹ̀ pé ẹni tí yóò fi hàn wọ́n nìyẹn. Màá máa túmọ̀, ìwọ ni kí o sọ̀rọ̀. Owó ọjọ́ náà tìrẹ ni. Tètè gba àyè lọ́wọ́ mánéjà, kí oṣù kẹjọ má bá ọ lójijì.

Lọ́jọ́ Sátidé, wá sílé. Ìyá ní àwọn yóò se ẹ̀wà. Mú ìwé ẹ̀kọ́ náà dání, èyí tí wọ́n ní kí o fọwọ́ sí, ká jọ kà á láti òkè dé ìsàlẹ̀.

Ẹ̀gbọ́n rẹ,
Àdùkẹ́