Lẹ́tà sí Ẹ̀yin Ọmọ Wa Tí Ẹ Ń Ta Báàsì

Ẹ̀yin ọmọ mi,

Mo kí yín, mo kú iṣẹ́ fún yín. Ọ̀rọ̀ kan kì í tán lẹ́nu yín, ì báà ṣe ní ṣọ́ọ̀ṣì, ì báà ṣe lóde àríyá: pé kò sẹ́ni tó ń wo oníbáàsì. Olórin ni kámẹ́rà ń dojú kọ, òun náà ni wọ́n ń ná owó fún. Mi ò jiyàn. Ṣùgbọ́n ṣé torí ìyẹn lẹ ṣe fẹ́ gbé gìtá yín jù sílẹ̀, kí ẹ máa bá ọ̀gá du máíkì? Ẹ jẹ́ kí n sọ nípa ọkùnrin kan tí wọn ò wò, tí kò sì bá ẹnikẹ́ni du nǹkan kan.

John Deacon lorúkọ rẹ̀, ọmọ ìlú Leicester nílẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì. Ọdún 1951 ni wọ́n bí i. Kò tíì ju ọmọ ọdún 11 lọ tí bàbá rẹ̀ fi kú. Ìmọ̀ ẹ̀rọ ẹlẹ́kítíróníìkì ló lọ kọ́ ní London, ẹnu ẹ̀kọ́ yẹn ló wà tó fi wọ Queen, ẹgbẹ́ olórin rọ́ọ̀kì kan, lọ́dún 1971, tó ń ta báàsì fún wọn. Àwọn mẹ́ta ti wà níbẹ̀ ṣáájú rẹ̀, òun ló sì kéré jù láàárín wọn. Freddie Mercury, ẹni tí wọ́n bí ní Zanzibar, ló ń kọrin. Ẹni tó bá dúró lẹ́yìn Freddie, ta ni yóò rí i?

Ẹ wá wo ohun tí ọmọ yìí ń ṣe nígbà tí wọn ò wò ó. Ó rí pátákó ẹ̀rọ kan tí wọ́n ti dà nù mọ́ pàǹtírí. Ó gbé e lọ sílé, ó fi í sínú àpótí sípíkà àtijọ́ kan, ó so bátìrì mọ́ ọn, ó di amplifáyà, ẹ̀rọ tó ń gbé ohùn gìtá sókè. Kò ní bọ́tìnnì kan tí èèyàn lè yí. Brian May tó ń ta gìtá fún wọn fi ohun tí wọ́n ṣà nínú pàǹtírí yìí ṣiṣẹ́ ní stúdíò, gìtá kan ṣoṣo á máa dún bí fèrè, á tún máa dún bí gòjé. Ẹni tó ń jó sí i kò ní mọ̀ pé ọwọ́ oníbáàsì ló ti jáde.

Lọ́dún 1975, ó kọ “You’re My Best Friend” fún ìyàwó rẹ̀. Dùùrù oníná ni orin náà ń fẹ́, Freddie sì sọ pé òun kò fẹ́ràn ohùn rẹ̀. Deacon gbé dùùrù náà relé, ó kọ́ ọ títí ó fi mọ̀ ọ́n tẹ̀, òun fúnra rẹ̀ ló tẹ̀ ẹ́ sínú àwo. (Ẹ̀yin tí ẹ máa ń sọ pé “ẹni tó ń tẹ kíbọ́ọ̀dù ò wá,” ẹ gbọ́ o.)

Nígbà tó di 1980 ló gbé “Another One Bites the Dust” dé. Báàsì lorin yẹn látòkèdélẹ̀: gbì, gbì, gbì, ìlù tẹ̀ lé e gírí, ìyókù ń yọjú díẹ̀díẹ̀. Michael Jackson gbọ́ ọ, ó gbà wọ́n nímọ̀ràn pé kí wọ́n gbé e jáde lọ́tọ̀. Ó sì gba ipò kìíní ní Amẹ́ríkà. Òwe bí òwe là ń lu ìlù àgídìgbo: ọlọ́gbọ́n ní í jó o, ọ̀mọ̀ràn ní í mọ̀ ọ́n. Ẹni tó bá gbọ́ àpàlà dáadáa mọ̀ pé iṣẹ́ báàsì gan-an ni àgídìgbo ń ṣe níbẹ̀.

Freddie kú ní November 1991. Deacon tún bá wọn ṣeré ní ìwọ̀nba ìgbà, ó parí rẹ̀ ní Paris ní January 1997, ó bá lọ sílé lọ bá ìyàwó àti ọmọ. Nígbà tí wọ́n ń fi Queen joyè nínú Rock and Roll Hall of Fame, ilé ọlá àwọn olórin rọ́ọ̀kì ní Amẹ́ríkà, ní 2001, kò yọjú. Lẹ́yìn tó lọ, Brian àti Roger Taylor onílù tún fi orúkọ ẹgbẹ́ ṣeré kiri, wọn ò ṣẹ̀. Ó wu àwọn, kò wu òun.

Kí ló jẹ́ kó lè lọ láìbẹ ẹnikẹ́ni? Orúkọ rẹ̀ wà lára orin. Nínú Queen títí di ìparí àwọn ọdún 1980, ẹni tó bá kọ orin ni wọ́n ń kọ orúkọ rẹ̀ sí i, òun náà ni owó òǹkọ̀wé orin ń wọlé fún. Orin kan tí Roger kọ wà ní ojú kejì àwo “Bohemian Rhapsody” tí Freddie kọ, iye tí Freddie ń gbà lórí àwo yẹn náà ni Roger ń gbà. Wọ́n jà sí i dáadáa! Ṣùgbọ́n ìwé wà nílẹ̀.

Àwa ńkọ́? Mo ta báàsì fún ọ̀gá kan láyé ìgbà tí mo lókun. Èmi ni mo gbé ìpìlẹ̀ orin tó ta jù nínú àwo rẹ̀ kalẹ̀. Orúkọ ọ̀gá nìkan ló wà lára páálí, owó ọkọ̀ ni wọ́n fún wa.

Nítorí náà, kí ẹ tó tan jẹnẹrétọ̀ ní stúdíò lọ́jọ́ Sátidé, ẹ mú bébà kan. Ẹ kọ ẹni tó mú orin wá sí i, ẹni tó gbé báàsì kalẹ̀, àti iye tó kan oníkálukú. Kí gbogbo yín fọwọ́ sí i, ọ̀gá pàápàá. Bó bá ní òun ò fọwọ́ sí i, ẹ pè mí. Màá wá.

Èmi ni bàbá yín, oníbáàsì àná.