Ẹ má parí ìtàn John Archer sórí oyè mẹ́yọ̀

Olóòtú wa ọ̀wọ́n,

Mo ka ohun tí ẹ kọ nípa John Archer, ọkùnrin adúláwọ̀ tó di mẹ́yọ̀ Battersea ní Lọ́ńdọ̀nù ní 1913, inú mi sì dùn pé ẹ rántí rẹ̀. Àmọ́ ẹ ní òun ni adúláwọ̀ àkọ́kọ́ tó jẹ mẹ́yọ̀ ní gbogbo ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì. Rárá o. Dókítà Allan Minns, ọmọ Bahamas, ti jẹ ẹ́ ní ìlú Thetford láti 1904. Ní Lọ́ńdọ̀nù ni Archer ti jẹ́ ẹni àkọ́kọ́. Síbẹ̀, ìyẹn kọ́ ló jẹ́ kí n kọ̀wé. Ohun tó ń dùn mí ni pé orí oyè mẹ́yọ̀ ni ẹ bá ìtàn ọkùnrin náà dé tí ẹ fi dúró, bẹ́ẹ̀ ọdún kan péré ló lò nípò náà.

Lóòótọ́, ìtàn 1913 yẹn dùn ún sọ. Onífọ́tò ni Archer ní Battersea, ó sì ti kọ́kọ́ wọ káńsù ní 1906. Nígbà tí wọ́n fẹ́ yan mẹ́yọ̀, ìbò 40 sí 39 ló fi wọlé. Àwọn oníwèéròyìn ti ń gbé e kiri pé kì í ṣe ọmọ ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, àwọn kan tiẹ̀ fi Rangoon, ní ilẹ̀ Burma, ṣe ìlú rẹ̀. Nígbà tó dìde sọ̀rọ̀, ó ní abúlé kékeré kan báyìí tí bóyá ẹnikẹ́ni ò gbọ́ orúkọ rẹ̀ rí ni wọ́n bí òun sí, Liverpool ni wọ́n ń pè é! Ó ní ìyá òun náà kì í ṣe ará Rangoon, ará Ireland ni. Bàbá rẹ̀ ló wá láti Barbados. Ẹ ò rí i pé ẹnu rẹ̀ mú.

Ní 1918 ó di ààrẹ àkọ́kọ́ fún African Progress Union, ẹgbẹ́ tó ń jà fún ẹ̀tọ́ àwọn adúláwọ̀. Lọ́dún tó tẹ̀ lé e, àwọn òyìnbó dojú ìjà kọ àwọn adúláwọ̀ ní Liverpool, wọ́n lé Charles Wootton títí ó fi kú sínú omi. Ẹgbẹ́ Archer ló wá lọ́yà fún àwọn adúláwọ̀ tí wọ́n kó lọ sílé ẹjọ́.

Èyí tí mo fẹ́ kí ẹ kọ gan-an ni ti 1922. Archer ti ń sún mọ́ ẹni ọgọ́ta ọdún, ó fi ìjókòó rẹ̀ ní káńsù sílẹ̀ kó lè ṣe ajẹ́ńtì fún Shapurji Saklatvala, ọmọ Íńdíà tó ń du ilé aṣòfin fún Àríwá Battersea. Ẹ wá olóṣèlú kan fún mi lónìí tó máa ṣe bẹ́ẹ̀. Ajẹ́ńtì ni òfin ń bi léèrè gbogbo owó tí wọ́n ná sí ìbò, òun ló ń rán èèyàn jáde láti máa kanlẹ̀kùn ojúlé dé ojúlé, òun ló ń mọ àdúgbò tí ìbò ti lè bọ́. Kò sẹ́ni tó ń ya ajẹ́ńtì ní fọ́tò. Saklatvala wọlé, ó pàdánù ní 1923, ó tún padà wọlé ní 1924.

Àmọ́ Kọ́múníìsì ni Saklatvala, bó tilẹ̀ jẹ́ pé ẹgbẹ́ òṣèlú Labour, tí Archer wà nínú rẹ̀, ló tì í lẹ́yìn ní 1922. Nígbà tó yá, Labour àtàwọn Kọ́múníìsì pínyà. Archer dúró ti Labour. Ní 1929, òun kan náà tó ti ṣiṣẹ́ kí Saklatvala wọlé ló wà lẹ́yìn ẹni tí Labour fà kalẹ̀, wọ́n sì yọ Saklatvala nípò. Àwọn kan lè pe ìyẹn ní ìwà ọ̀dàlẹ̀. Èmi ò rí i bẹ́ẹ̀: ẹgbẹ́ rẹ̀ ò yí padà, ọ̀rẹ́ rẹ̀ ló lọ. Ṣùgbọ́n mi ò lè sọ pé ó rọ̀ ọ́ lọ́rùn.

Ní 1931 ó padà sí káńsù, ó sì ṣì jẹ́ káńsílọ̀ nígbà tó kú ní oṣù keje 1932. Tí ẹ bá tún fẹ́ kọ nípa rẹ̀ ní oṣù kẹwàá tó ń bọ̀, tí í ṣe oṣù ìtàn àwọn adúláwọ̀ níbí, ẹ jọ̀ọ́, ẹ bẹ̀rẹ̀ láti 1922.

Òǹkàwé yín,
Peckham, Lọ́ńdọ̀nù