"Òfin ìbọn Amẹ́ríkà" tẹ́ ẹ kọ yẹn, ti ìpínlẹ̀ wo ni?

Ẹ̀yin olóòtú wa,

Ẹ kú iṣẹ́ o. Mo ka ohun tẹ́ ẹ gbé jáde lọ́sẹ̀ tó kọjá pé ní Amẹ́ríkà, ẹni tó bá ti ra ìbọn, orúkọ ẹ̀ ti wọ ìwé ìjọba nìyẹn. Kò rí bẹ́ẹ̀ o. Àwọn kan náà tún máa ń sọ pé kò sẹ́ni tó ń bi èèyàn nípa ìbọn ní Amẹ́ríkà níbí rárá, ìyẹn náà ò tọ̀nà.

Ibi tá a ti dàgbà ló ń dà wá láàmú. Ní Nàìjíríà, òfin ìbọn ọdún 1959 kan ṣoṣo ló ń darí Ìbàdàn àti Kánò, títí dórí ṣakabùlà bàbá ọdẹ ló ní lásẹ́ńsì tiẹ̀, a wá rò pé bó ṣe rí níbi gbogbo nìyẹn. Níbí, ìjọba àpapọ̀ fúnra ẹ̀ ló ṣòfin lọ́dún 1986 pé àwọn ò gbọdọ̀ ní rẹ́jísítà ìbọn, ìyẹn ìwé tí wọ́n ń kọ orúkọ àwọn tó ní ìbọn sí, fún gbogbo orílẹ̀-èdè, àfi ìbọn arọ̀jò-ọta àtàwọn díẹ̀ míì tí òfin ìjọba àpapọ̀ ti ọdún 1934 ti ní kí wọ́n máa kọ sílẹ̀. Ìwé téèyàn kọ lọ́jọ́ tó rajà, ọwọ́ oníṣọ́ọ̀bù ló máa wà, tí ṣọ́ọ̀bù ọ̀hún bá wá kógbá wọlé wọ́n á kó ìwé náà lọ sí ọ́fíìsì ìjọba àpapọ̀ ní Martinsburg ní West Virginia, tí wọ́n bá wá ń wá ẹni tó ra ìbọn kan, àwọn òṣìṣẹ́ á máa ṣí i lọ́kọ̀ọ̀kan bí ẹni ń ṣa ẹ̀wà, torí wọn ò gbọdọ̀ fi orúkọ èèyàn wá a lórí kọ̀ǹpútà. Láyé tí fóònù mọ ibi tá a sùn sí!

Ìyókù dọwọ́ ìpínlẹ̀. Ní Hawaii, gbogbo ìbọn ni wọ́n ń kọ sílẹ̀, ẹni tó bá gbé tiẹ̀ wọ̀lú ní ọjọ́ 5 péré láti kọ ọ́ sílẹ̀. Washington DC náà ń kọ ọ́. Florida ní tiẹ̀ ṣòfin pé ìjọba ò gbọdọ̀ ṣe irú ìwé bẹ́ẹ̀. Texas ò ní kó o kọ ìbọn ẹ sílẹ̀, láti 2021 gan-an, ẹni tó bá ti pé 21 tí òfin ò sì kà á léèwọ̀ fún lè gbé ìbọn ìléwọ́ kiri láì gba lásẹ́ńsì.

Ibi tó ti kan àwa gan-an rèé: àwọn èèyàn wa tó ń kó láti Houston wá sí Maryland, ìbọn tí wọ́n rà lọ́nà ẹ̀tọ́ ní Texas ni wọ́n ń gbé bọ̀, wọn ò sì mọ̀ pé láti October 2013, ọjọ́ 90 ni Maryland fún àlejò tó fẹ́ di ará ibẹ̀ láti lọ kọ ìbọn ìléwọ́ sílẹ̀ lọ́dọ̀ ọlọ́pàá ìpínlẹ̀, àwọn ìbọn kan sì wà tí wọn ò fẹ́ rí níbẹ̀ rárá. Mo mọ ẹnìkan tó ti lò ju ọdún kan lọ kó tó gbọ́, lọ́yà ló sáré lọ bá. Tó bá ṣe tèmi, ti Maryland tẹ́ mi lọ́rùn ju ti Texas lọ, ó kéré tán tí olè bá jí i gbé wọ́n á mọ ẹni tó ni í, àmọ́ ẹni tí wọn ò sọ fún, báwo ló ṣe fẹ́ mọ̀?

Tẹ́ ẹ bá tún máa kọ ọ́, ẹ jọ̀ọ́, ẹ dárúkọ ìpínlẹ̀, kẹ́ ẹ sì fi ọjọ́ 90 yẹn síbẹ̀ gàdàgbà.

Èmi ni,
Òǹkàwé yín ní Maryland